Ìran Ta Li a Ó Kọ Ọmọ Sí?

Bí ọmọkùnrin bá dàgbà tó láti gbé ìyàwó, tí ó sì dárúkọ ilé tí ojú rẹ̀ wà fún àwọn òbí rẹ̀, àṣà wa ni pé kí àwọn àgbà kọ́kọ́ rán ènìyàn lọ wádìí. Ìwádìí yìí dára, a kò sì ní bu ẹnu àtẹ́ lù ú. Ó yẹ kí ìyá mọ̀ bí ilé tí ọmọ rẹ̀ ń lọ bá jẹ́ ilé aláàfíà tàbí ilé oníjà, bí àrùn kan bá ń bá ìdílé náà jà, bí ọkùnrin náà bá ní iṣẹ́ lọ́wọ́, tàbí bí ó bá ti ní aya kan ní ìlú mìíràn tí kò sọ. Ṣùgbọ́n ìbéèrè kan wà tí a máa ń fi sí ẹ̀yìn gbogbo rẹ̀, tí a kì í bèèrè ní gbangba. Nínú yàrá, pẹ̀lú ohùn kékeré, li a ti í bèèrè rẹ̀: ilé yẹn, ṣé ọmọ bíbí ìlú ni wọ́n, àbí a mú wọn wá ni?

Ẹ̀yin òǹkàwé wa ní Eruku, ní Osi, ní Iloffa, àti ní gbogbo ìlú tí ó yí wa ká, ẹ mọ ohun tí ọ̀rọ̀ yìí túmọ̀ sí kí a tó là á yé yín. Nínú ọ̀rúndún tí ó ṣáájú ìjọba òyìnbó, ogun Ìlọ́rin àti ogun Núpé gba ilẹ̀ Ìgbómìnà, ilẹ̀ Èkìtì àti ilẹ̀ Yàgbà kọjá. A kó ènìyàn lẹ́rú ní ìlú púpọ̀. Àwọn ẹlòmíràn sá àsálà, wọ́n sì wọ ìlú tí kì í ṣe tiwọn pẹ̀lú ẹrù kékeré lórí. Ìlú tí a kó lẹ́rú lánàá, bí agbára bá tún dé ọwọ́ rẹ̀, òun náà a máa ra ẹrú. Àwọn tí a fi okùn mú wọlé bímọ, àwọn tí wọ́n fi ẹsẹ̀ ara wọn sá wọlé bímọ. Ọmọ-ọmọ wọn di olùkọ́, wọ́n di díákónì, wọ́n kọ́ ilé alájà; síbẹ̀ nígbà tí ọ̀rọ̀ ìgbéyàwó bá dé, ẹnìkan á tún rọra fa alàgbà kan sí ẹ̀gbẹ́ láti sọ ohun tí bàbá àgbà rẹ̀ ti sọ fún un.

Kì í ṣe ti àwọn tí ń fẹ́ ara wọn ni a fẹ́ sọ li òní. Àgbàlagbà ni wọ́n. Bí wọ́n bá pinnu, wọn yóò ru ẹrù náà pọ̀. Ti ọmọ ni a fẹ́ sọ. Nígbà tí ẹni tí a ń pè ní ọmọ bíbí ilé bá fẹ́ ẹni tí a ń pè ní ẹni tí a mú wá, tí Ọlọ́run sì fún wọn li ọmọ, ìran ta li a ó kọ ọmọ náà sí? Òfin ti dáhùn ìbéèrè yìí ní oríṣiríṣi ọ̀nà, nílé wa níhìn-ín, ní ilẹ̀ Ìgbò, àti ní ilẹ̀ Íńdíà tí ó jìnnà réré. Ìdáhùn kọ̀ọ̀kan sì ti mú ire tàbí ibi bá ọmọ tí kò yan òbí fún ara rẹ̀.

Ẹ jẹ́ kí a bẹ̀rẹ̀ nílé. Ilé bàbá li àwọn bàbá wa fi ń ka ọmọ. Bí ọkùnrin òmìnira bá fi obìnrin tí ó rà ṣe aya, tí obìnrin náà sì bímọ fún un, ọmọ ilé li ọmọ náà; oríkì ilé bàbá rẹ̀ li a ó máa kì í. Kò wí pé ẹnu àwọn orogún yóò pa mọ́ nígbà ìjà. Òfin Mùsùlùmí, tí àwọn adájọ́ Ìlọ́rin ń lò, súnmọ́ èyí: ọmọ tí ẹrúbìnrin bá bí fún olówó rẹ̀, òmìnira ni láti inú ìyá rẹ̀ wá, a kò sì gbọdọ̀ ta ìyá náà mọ́, nígbà tí olówó rẹ̀ bá sì kú, òun pẹ̀lú di òmìnira. Ṣùgbọ́n bí a bá fi ẹrúbìnrin kan náà fún ẹrú mìíràn ṣe aya, tí ó sì bímọ fún un, ẹrú li ọmọ náà gẹ́gẹ́ bí ìyá rẹ̀. Ẹ kíyèsí i: ìyá kan náà ni, ọmú kan náà ni àwọn ọmọ méjèèjì mu, síbẹ̀ ọ̀kan lè jogún oko tí a ó mú èkejì lọ ro.

Ibi tí ọ̀rọ̀ ti máa ń lọ́ ni bí ó bá jẹ́ pé bàbá li ẹrú, tí ìyá sì jẹ́ ọmọ bíbí ilé. A ní ilé bàbá li a fi ń ka ọmọ, ṣùgbọ́n bàbá yìí kò ní ilé tí ó lè pè ní tirẹ̀ níbẹ̀. Ilé olówó rẹ̀ li ó ń gbé. Nítorí náà àwọn ìdílé kì í fẹ́ kí irú ìgbéyàwó bẹ́ẹ̀ ṣẹlẹ̀ rárá, àti láti inú ìkọ̀sílẹ̀ àtijọ́ yìí ni ọ̀pọ̀ nínú ohun tí a ń sọ ní kọ̀rọ̀ títí di ìsinsìnyí ti jáde wá. Àwọn ènìyàn ti gbàgbé ohun tí ó fà á, ṣùgbọ́n wọn kò gbàgbé ìkọ̀sílẹ̀ náà.

Òfin òyìnbó dé, ó sì gba ọ̀nà tí ẹnikẹ́ni nínú àwọn baba wa kò gbà rí. Ní ìbẹ̀rẹ̀ ọdún 1900 ni Lugard gba àṣẹ lórí Àríwá Nàìjíríà, tí ilẹ̀ Ìlọ́rin wà nínú rẹ̀, tí a sì ka ilẹ̀ Èkìtì ti apá ọ̀dọ̀ wa mọ́ Ìlọ́rin. Li ọdún 1901 ìkéde òfin jáde lórí ẹrú: ọmọ yòówù tí a bá bí láti ọjọ́ kìíní oṣù kẹrin ọdún náà, òmìnira ni, ìbáà ṣe ẹrú li òbí rẹ̀ méjèèjì. Òfin náà kò bèèrè bàbá, kò bèèrè ìyá, kò bèèrè ilé. Ọjọ́ ìbí nìkan li ó bèèrè.

Ẹ rò ó wò ná. Obìnrin kan bí ọmọ ní ìgbẹ̀yìn oṣù kẹta ọdún 1901. Aládùúgbò rẹ̀, ẹrú bí i tirẹ̀, bí tirẹ̀ ní ọ̀sẹ̀ kan lẹ́yìn náà. Ọmọ ti èkejì jẹ́ òmìnira pátápátá níwájú òfin; ọmọ ti èkínní kò ní ìlérí yẹn. Ìwé ìbí kò sì sí nílé ẹnikẹ́ni nígbà náà. Ta ni yóò wá dúró níwájú adájọ́ láti jẹ́rìí pé òjò àkọ́rọ̀ ti rọ̀ kí ọmọ yìí tó dé, tàbí pé kò tíì rọ̀? Àwa tí a ti fi gègé ṣe iṣẹ́ oòjọ́ mọ bí ọjọ́ kan nínú ìwé ti lè wúwo tó.

Ní ti àwọn tí a ti bí ṣáájú, ìjọba wí pé ilé ẹjọ́ kò ní gbọ́ ẹjọ́ ẹni tí ó ń lépa ẹrú rẹ̀ mọ́, ṣùgbọ́n kò dá wọn sílẹ̀ lẹ́ẹ̀kan náà. Ọ̀pọ̀ nínú wọn ní láti ra ara wọn padà, tí wọ́n ń san owó díẹ̀díẹ̀ fún olówó wọn. Li ọdún 1936 ni òfin mìíràn tó wá kéde pé gbogbo wọn, àti èyí tí a bí ṣáájú àti èyí tí a bí lẹ́yìn, jẹ́ òmìnira. Bí ẹ bá ṣírò rẹ̀, ẹ ó rí i pé ẹni tí a bí li ọdún 1900 ti pé ọdún mẹ́rìndínlógójì kí òfin tó bá a sọ ọ̀rọ̀ kan náà tí ó bá àbúrò rẹ̀ sọ nígbà tí ó wà ní ìkókó.

Nípa bẹ́ẹ̀, ní ti òfin, kò sí ọmọ ẹrú kankan ní Eruku tàbí níbikíbi ní ẹkùn wa, kò sì sí láti ìgbà tí ọ̀pọ̀lọpọ̀ nínú ẹ̀yin tí ń kà á kò tíì dé ayé. Bí ẹnikẹ́ni bá ń ṣiyèméjì pé ẹ̀jẹ̀ ẹni tí a ti tà rí lè bí ènìyàn pàtàkì, kí ó rántí ìdílé kan tí gbogbo ìjọ mọ̀. A kó Àjàyí lẹ́rú ní Òṣoògùn li ọdún 1821. Ní oṣù kẹfà ọdún 1864 a fi ọmọ kan náà tí a tà joyè bíṣọ́ọ̀bù, Samuel Àjàyí Crowther. Ní oṣù kọkànlá ọdún kan náà, ọmọbìnrin rẹ̀ Abigail bí Herbert Macaulay ní Èkó, ẹni tí a wá ya àwòrán rẹ̀ sí owó náírà kan. A kò tíì gbọ́ kí ẹnikẹ́ni kọ owó náà lọ́jà nítorí pé a ta bàbá àgbà ẹni tí ó wà lára rẹ̀ rí.

Àwọn ará ilẹ̀ Ìgbò li ó ní èyí tí ó le ju tiwa lọ. Osu li a ń pe ẹni tí a ti yà sọ́tọ̀ fún òrìṣà kan, tí ó di ti òrìṣà náà, òun àti gbogbo irú-ọmọ rẹ̀ títí láé. Ọmọ onílẹ̀, tí wọ́n ń pè ní diala, kò gbọdọ̀ bá a dá àna. Ẹrú lè ra ara rẹ̀ padà. Osu kò ní ẹni tí yóò san owó fún. Àti pé níhìn-ín, ìṣirò ilé bàbá kò ran ọmọ lọ́wọ́. Bí diala bá fẹ́ osu, ìbáà ṣe ọkùnrin tàbí obìnrin, a ó ka òun fúnra rẹ̀ kún osu, àti àwọn ọmọ tí wọ́n bá bí. Níbi tí ọ̀rọ̀ wa ti lè fi ọ̀nà kan sílẹ̀ fún ọmọ láti wọ ilé bàbá rẹ̀, èyí sé ìlẹ̀kùn méjèèjì. Ẹ̀gbẹ́ yòówù tí àbùkù náà bá ti wá, ọmọ ni yóò gbà á.

Li ọdún 1956, nígbà tí Nnamdi Azikiwe jẹ́ Olórí Ìjọba Ẹkùn Ìlà-Oòrùn, Ilé Ìgbìmọ̀ Aṣòfin ní Enugu ṣe òfin láti fi òpin sí osu. Àwọn tí ó kọ òfin náà mọ ibi tí bàtà ti ń ta ni lẹ́sẹ̀. Wọn kò dúró lórí pé kí ẹni tí ó jẹ́ osu nígbà náà ṣíwọ́ láti jẹ́ osu. Wọ́n dárúkọ ọmọ. Wọ́n wí pé àwọn ọmọ tí irú ènìyàn bẹ́ẹ̀ bá bí lẹ́yìn náà, àti irú-ọmọ wọn, kì yóò jẹ́ osu. Wọ́n sì na ìtúmọ̀ ọ̀rọ̀ náà kí ó kan àwọn ọmọ ẹrú tí a ń pe ní ohu àti gbogbo ẹni tí a ń fi irú àbùkù kan náà kàn, kí ẹnikẹ́ni má baà fi orúkọ mìíràn sá fún òfin.

A kò rí òfin tí a kọ dáradára tó bẹ́ẹ̀ tí a sì pa mọ́ díẹ̀ tó bẹ́ẹ̀. Ọdún mẹ́rin lẹ́yìn rẹ̀, li ọdún 1960, Chinua Achebe tẹ ìwé kan jáde tí à ń pè ní No Longer at Ease, a sì gbàgbọ́ pé ó yẹ kí gbogbo àwa tí ń ṣiṣẹ́ ìjọ kà á. Obi Okonkwo lọ kàwé ní òkè òkun, ó fẹ́ fẹ́ Clara, Clara sì wí fún un pé osu li òun. Bàbá Obi kì í ṣe abọ̀rìṣà. Katikíìsì ìjọ ni, ẹni tí ó ti fi gbogbo agbára rẹ̀ kọ òrìṣà sílẹ̀. Síbẹ̀ òun gan-an kọ̀, ohun tí ó sì ń bà á lẹ́rù ni ojú tí ayé yóò fi wo àwọn ọmọ-ọmọ rẹ̀. Ọmọ tí Clara sì lóyún rẹ̀ kò dé ayé. Ìtàn àròsọ ni, a mọ̀; ṣùgbọ́n kì í ṣe àròsọ pé bàbá onígbàgbọ́ lè bá òrìṣà jà títí yóò fi ṣẹ́gun, kí ó sì tún máa pa òfin òrìṣà náà mọ́ nínú ọ̀rọ̀ ìyàwó ọmọ rẹ̀.

Nígbà tí a ṣe Ìwé Òfin Ìpìlẹ̀ Nàìjíríà ti ọdún 1999, tí ó wà lórí wa títí di òní, a fi ọ̀rọ̀ kan sí abala kejìlélógójì rẹ̀ tí ó kan àwa àti àwọn ará Ìgbò bákan náà: a kò gbọdọ̀ fi ìyà jẹ ọmọ Nàìjíríà kankan tàbí kí a fi ẹ̀tọ́ dù ú kìkì nítorí bí a ṣe bí i. Ọmọ tí a bí láìsí ìgbéyàwó wà lábẹ́ ọ̀rọ̀ yìí, bẹ́ẹ̀ náà li ọmọ tí ìyá rẹ̀ tàbí bàbá rẹ̀ jẹ́ ẹni tí a mú wá. Ìdílé kan kò lè fi í dù ú ní ogún. Ṣùgbọ́n òfin kò lè fi ipá mú ẹnikẹ́ni láti sọ fún ọmọ rẹ̀ pé kí ó lọ fẹ́ ọmọ lágbájá. Nítorí náà ni ó fi jẹ́ pé ní ìparí ọdún 2018, ọdún méjìlélọ́gọ́ta lẹ́yìn òfin Enugu, àwọn ará Nri tún kóra jọ pẹ̀lú ọba wọn láti kéde pé osu ti parí láàárín wọn. Bí òfin ti tó ni, wọn kì bá tí nílò àpéjọ. Wọ́n mọ̀ pé ohun tí a fi ìlànà òrìṣà dè, ẹnu àwọn àgbà ìlú ni yóò tú u.

Ẹni kan lè wí pé: ẹ jẹ́ kí òfin dákẹ́ nígbà náà, kí ó má ṣe bèèrè ìran ẹnikẹ́ni mọ́, yóò sì parẹ́ fúnra rẹ̀. Àwa pẹ̀lú rò bẹ́ẹ̀ tẹ́lẹ̀ kí a tó wo ilẹ̀ Íńdíà, níbi tí òfin kò lè dákẹ́.

Àwọn ará Íńdíà pín ara wọn sí ìran-ìran láti ayébáyé. A bí olúkúlùkù sínú tirẹ̀, iṣẹ́ àti ìgbéyàwó sì ń tẹ̀lé e. Àwọn kan wà ní ìsàlẹ̀ pátápátá tí àwọn yòókù kò gbọdọ̀ fọwọ́ kàn, tí wọn kò gbọdọ̀ fa omi nínú kànga kan náà pẹ̀lú ẹlòmíràn. B. R. Ambedkar, tí ó jáde láti inú wọn, li alága ìgbìmọ̀ tí ó kọ Òfin Ìpìlẹ̀ ilẹ̀ náà, èyí tí ó bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ li ọjọ́ kẹrìndínlọ́gbọ̀n oṣù kìíní ọdún 1950. Òfin náà pa ìwà àìfọwọ́kàn run. Ṣùgbọ́n kò dúró níbẹ̀: ó fi àyè sílẹ̀ fún ìjọba láti ya ipò sọ́tọ̀ fún àwọn tí a ti rẹ̀ sílẹ̀, kí wọ́n lè rí ilé ẹ̀kọ́ àti iṣẹ́. Nínú iṣẹ́ ìjọba àpapọ̀ ibẹ̀, nínú ọgọ́rùn-ún ipò, a ya mẹ́ẹ̀ẹ́dógún sọ́tọ̀ fún àwọn ìran ìsàlẹ̀ wọ̀nyí, méje àti ààbọ̀ fún àwọn ẹ̀yà inú igbó àti orí òkè, àti mẹ́tàdínlọ́gbọ̀n fún àwọn ìran mìíràn tí ó ti wà lẹ́yìn. Ìjọba sì kọ orúkọ àwọn ìran náà sínú ìwé, ẹni tí ó bá wà nínú rẹ̀ a máa gba ìwé ẹ̀rí.

Ambedkar fúnra rẹ̀ ti kọ ọ́ li ọdún 1936 pé ìgbéyàwó láàárín ìran àti ìran ni oògùn tí yóò wo àrùn náà sàn, li ọdún 1948 ó sì fẹ́ obìnrin oníṣègùn kan tí ó jẹ́ ìran Brahmin, èyí tí ó wà li òkè pátápátá. Ṣùgbọ́n ìwé orúkọ tí a fi ń ran tálákà lọ́wọ́ kò mọ ibi tí yóò kọ ọmọ irú ìgbéyàwó bẹ́ẹ̀ sí. Bí bàbá bá jẹ́ ìran òkè tí ìyá sì jẹ́ ìran ìsàlẹ̀, ṣé ọmọ lè gba ìwé ẹ̀rí? Níhìn-ín li ọ̀rọ̀ ti yípo. Ní ilẹ̀ Ìgbò, ọmọ ń sá kí a má baà kà á mọ́ òbí rẹ̀ tí ó rẹlẹ̀. Ní Íńdíà, ó ń lọ sí ilé ẹjọ́ kí a lè kà á mọ́ ọn.

Ilé Ẹjọ́ Gíga Jùlọ wọn kọ́kọ́ dáhùn bí àwọn baba wa ti dáhùn. Li ọdún 2003, nínú ẹjọ́ ìdìbò kan láti ìpínlẹ̀ Bihar, ọkùnrin kan wí pé ìyá òun jẹ́ ìran tí a ya ipò aṣòfin náà sọ́tọ̀ fún; ilé ẹjọ́ wí pé ìran bàbá li ọmọ ń tẹ̀lé. Li ọdún 2006 ẹlòmíràn tún dé, tí ìyá rẹ̀ jẹ́ ẹ̀yà orí òkè tí bàbá rẹ̀ sì jẹ́ ìran òkè. A dá a padà bákan náà.

Nígbà náà li ẹjọ́ ọkùnrin ará Gujarat kan dé iwájú wọn. Bàbá rẹ̀ jẹ́ ìran àwọn jagunjagun, ìyá rẹ̀ jẹ́ ẹ̀yà Nayak, tí ó wà nínú ìwé orúkọ àwọn ẹ̀yà tí a ń ràn lọ́wọ́. Ó gba ìwé ẹ̀rí ẹ̀yà ìyá rẹ̀, ìjọba sì fún un ní ilé ìtajà tí a ti ń ta oúnjẹ fún àwọn tálákà ní owó pọ́ọ́kú. Ẹnìkan fẹ̀sùn kàn án, a sì gba ìwé ẹ̀rí náà lọ́wọ́ rẹ̀ nítorí bàbá rẹ̀. Ní oṣù kìíní ọdún 2012, Ilé Ẹjọ́ Gíga Jùlọ wí pé bí a ti ń ka ọmọ sí ìran bàbá, èyí kì í ṣe ìdè tí a kò lè tú. Ọmọ náà lè mú ẹ̀rí wá pé ìyá li ó tọ́ òun, pé àárín àwọn ènìyàn ìyá òun li òun dàgbà sí, pé wọ́n gbà òun gẹ́gẹ́ bí ara wọn, àti pé ìyà àti ẹ̀gàn tí wọ́n ń jẹ li òun náà jẹ. Kò sí òfin kan tí ó lè dáhùn èyí fún gbogbo ọmọ lẹ́ẹ̀kan; a ní láti wo ìgbésí ayé ọmọ kọ̀ọ̀kan. Wọ́n sì dá ọ̀rọ̀ ọkùnrin náà padà kí a tún un gbé yẹ̀ wò.

A rò pé ìdájọ́ yìí dára ju gbogbo èyí tí ó ṣáájú rẹ̀ lọ, nítorí pé òun li ó kọ́kọ́ wo ọmọ lójú. Òfin ọdún 1901 wo kàlẹ́ńdà. Àwọn baba wa wo ilé bàbá. Òrìṣà ilẹ̀ Ìgbò wo àbùkù. Àwọn adájọ́ Íńdíà bèèrè ẹni tí ó fún ọmọ lóúnjẹ àti ẹni tí ó gàn án. Ṣùgbọ́n ó ní ẹ̀gún tirẹ̀. Ẹ wo ohun tí ọmọ náà gbọ́dọ̀ ṣe: ó ní láti dúró níwájú ìgbìmọ̀, kí ó máa pe ẹlẹ́rìí láti jẹ́rìí sí ẹ̀gàn rẹ̀. Ẹni tí ìyá rẹ̀ bá làkàkà tí ó fi bò ó mọ́lẹ̀ kí ẹ̀gàn má baà dé ọ̀dọ̀ rẹ̀ kì yóò rí ẹ̀rí mú wá.

Èyí tí ó kan àwa onígbàgbọ́ tún wà níbẹ̀, a kò sì ní fò ó. Ìwé orúkọ ìran ìsàlẹ̀ ti Íńdíà kò gba Kristẹni. Ẹlẹ́sìn Hindu, Sikh àti Búdà nìkan li ó gbà. Ní oṣù kọkànlá ọdún 2024, ilé ẹjọ́ kan náà dá ẹjọ́ obìnrin kan láti Puducherry, tí bàbá rẹ̀ jẹ́ ẹlẹ́sìn Hindu láti ìran ìsàlẹ̀, tí ìyá rẹ̀ sì jẹ́ Kristẹni. Iṣẹ́ akọ̀wé ìjọba li ó ń wá. A ti rì í bọmi ní kékeré, ó sì ń lọ sí ilé ìsìn. Nítorí náà ilé ẹjọ́ kò gbà kí ó gba ìwé ẹ̀rí ìran bàbá rẹ̀. Òfin rò pé nínú ìjọ kò sí ìran mọ́. Ẹni tí ó bá mọ ìjọ dáadáa, ní Íńdíà tàbí níhìn-ín, yóò mọ̀ bóyá èrò náà tọ̀nà. Àwọn kan jẹ́ ọmọ ìjọ kan náà fún ogún ọdún, wọ́n ń mu nínú ago kan náà lọ́jọ́ Oúnjẹ Alẹ́ Olúwa, ṣùgbọ́n wọn kò ní jẹ́ kí ọmọ wọn fẹ́ra.

Ẹ jẹ́ kí a padà sí Eruku. Lọ́dọ̀ wa kò sí ìwé orúkọ ìran, ìjọba kò ya ipò kankan sọ́tọ̀ fún ọmọ ẹni tí a mú wá, nítorí náà kò sí ìdí kan lábẹ́ ọ̀run tí akọ̀wé tàbí adájọ́ yóò fi bèèrè. Ẹni tí ó kù tí ó ń bèèrè ni ẹni tí a rán lọ wádìí. Bí ẹ bá rán ènìyàn lọ, ẹ̀yin òbí, ẹ sọ fún un kí ó bèèrè ohun tí àwọn adájọ́ wọ̀nyẹn bèèrè: ta ni ó tọ́ ọmọ yìí, báwo li ó ṣe ń bá ènìyàn gbé, kí ni ó ti fara dà? Bí ó bá padà wá pẹ̀lú ìtàn ẹrú tí ó ti lé ní ọgọ́rùn-ún ọdún, ẹ bi í léèrè ohun tí ó fẹ́ kí ẹ fi ṣe.

Àti fún àwọn ọ̀dọ́ tí a ti fi ọ̀rọ̀ yìí dí lọ́nà, a ó kọ ohun tí òfin wí síhìn-ín, nítorí pé ọ̀pọ̀ kò mọ̀ ọ́n. Lábẹ́ Òfin Ìgbéyàwó ilẹ̀ yìí, ẹni tí kò tíì pé ọdún mọ́kànlélógún, tí kò sì ṣe opó, li ó nílò ìwé ìyọ̀ǹda bàbá rẹ̀, tàbí ti ìyá rẹ̀ bí bàbá bá ti kú. Ẹni tí ó ti pé mọ́kànlélógún kò nílò rẹ̀. A kò wí pé kí ẹ má ṣe wá ìbùkún àwọn òbí yín. Ẹ wá a, ẹ rán àwọn àgbà, ẹ dọ̀bálẹ̀, ẹ kúnlẹ̀, ẹ ní sùúrù fún ọdún kan tàbí méjì bí ó bá gbà bẹ́ẹ̀. Ọ̀rọ̀ òfin nìkan li a ń sọ. Lẹ́yìn tí ẹ bá ti fi ìwé ìkéde sọ́dọ̀ akọ̀wé ìgbéyàwó, yóò lẹ̀ ẹ́ sí gbangba. Bí ọjọ́ mọ́kànlélógún bá kọjá tí kò sí ìdíwọ́, yóò fún yín ní ìwé àṣẹ, kí a sì ṣe ìgbéyàwó náà kí oṣù mẹ́ta tó pé láti ọjọ́ ìkéde.

Láàárín ọjọ́ wọ̀nyẹn, ẹnikẹ́ni tí ó bá mọ ìdí òdodo kan tí kò fi yẹ kí ìgbéyàwó náà wáyé lè lọ kọ ọ́ síwájú akọ̀wé pé òun fi í bú, pẹ̀lú orúkọ rẹ̀, ibùgbé rẹ̀ àti ìdí tí ó ní. Akọ̀wé yóò dáwọ́ dúró, ọ̀rọ̀ náà yóò sì lọ sọ́dọ̀ adájọ́ ilé ẹjọ́ gíga, tí yóò pe gbogbo wọn jọ. Bí ìdí náà bá jẹ́ pé ọkùnrin náà ti ní aya nínú òfin, tàbí pé ìbátan tí ó súnmọ́ra jù ni wọ́n, adájọ́ yóò gbọ́. Bí ó bá jẹ́ pé a mú ìyá ìyá ọmọbìnrin náà wọ ìlú ní ìgbà ogun, ìyẹn kì í ṣe ìdí lábẹ́ òfin. Bí adájọ́ bá sì rí i pé ìdí tí ẹni náà kọ kò tó, ó lè pàṣẹ pé kí ó san owó ìtánràn àti owó ẹjọ́ fún àwọn tí ó dí lọ́nà.